Ewé Tó Hù Lórí Obì Fádáhùnsi

Ṣé ẹ mọ ìdí tí àwọn àgbà fi ń pa òwe pé àfòmọ́ kò légbò, igi gbogbo ní í bá tan? Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n kó panu mọ́, kó má ba ìtàn mi jẹ́.

Ọkùnrin kan wà ní abúlé Òkè-Ìràwé tó ń jẹ́ Fádáhùnsi. Igi obì kan ṣoṣo tí bàbá rẹ̀ gbìn ni gbogbo ohun tó ní. Ní abúlé yẹn, igi ẹni ni ẹ̀rí ilẹ̀ ẹni. Bí igi bá kú, ilẹ̀ bọ́ nìyẹn.

Lọ́jọ́ kan, ewé kan tó ń dán yọ lórí ẹ̀ka obì yìí, ó sì ní òdòdó pupa. Fádáhùnsi fò sókè. "Obì mi ti bímọ!"

Ìbídùn ìyàwó rẹ̀ wò ó títí. "Bàbá Kọ́lápọ̀, ewé yìí kò jọ ewé obì o. Ẹ wo bí èèpo igi ṣe wú níbi tó ti yọ, tí ewé obì gidi sì ń rẹ̀ dànù. Mo ti pọ́n àdá, ẹ jẹ́ ká gé e."

"Gé kí ni? Ṣé wọ́n máa ń jowú igi nílé bàbá rẹ ni?"

Kò pẹ́ tí Fádáhùnsi fi rí irú ewé náà lórí kòkó Ìyá Ojúọlápé, opó tí oko wọn jọ pààlà. Ó ní ọmọ obì òun nìyẹn, ibi tí ọmọ òun bá sì wà, ilẹ̀ òun ni.

Ìyá Ojúọlápé ní, "Fádáhùnsi, ẹyẹ ló ṣu ú síbẹ̀."

Ó ní ẹyẹ náà, tòun ni.

Ó so ààlè mọ́ kòkó yẹn kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. Ewé náà tún yọ lórí ọsàn Akínwándé ọdẹ, ó so ó mọ́ ìyẹn náà. Ojúkòkòrò ò jẹ́ kó mọ ibi tó yẹ kó dúró: ó lọ so ó mọ́ igi ìyeyè ńlá tó wà lẹ́yìn ilé Baálẹ̀! Baálẹ̀ kàn rẹ́rìn-ín músẹ́ ni.

Àṣé àwọn ewé yìí ti fa omi ara ìyeyè náà gbẹ. Ìjì kékeré jà, ẹ̀ka ya, ó wó lu àká àgbàdo Baálẹ̀, ó fọ́ ọ túútúú.

Baálẹ̀ pe gbogbo abúlé jọ. "Ta ló ni igi yìí?"

Wọ́n nawọ́ sí ààlè Fádáhùnsi tó wà lára rẹ̀.

Òógùn bo Fádáhùnsi. "Baálẹ̀, ẹ ṣàánú mi! Kì í ṣe ọmọ obì mi o! Àfòmọ́ lásán ni, kò tilẹ̀ ní gbòǹgbò!"

"Ó ti wá di àfòmọ́?" Ìyá Ojúọlápé ló sọ bẹ́ẹ̀. "Lórí kòkó mi ńkọ́, ṣebí ọmọ ni?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí. Fádáhùnsi sá lọ sí oko láti gé ti orí obì rẹ̀, ṣùgbọ́n obì ti kú. Ẹ ò ní ṣàánú rẹ̀? Èmi ṣàánú rẹ̀ díẹ̀.

Ilẹ̀ bọ́. Ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í lọ láti ilé dé ilé. Ó sọ fún Akínwándé pé ìyá àgbà àwọn jọ pọnmi lódò kan náà. Ó sọ fún Baálẹ̀ pé ẹbí làwọn. Nígbà tó dé ọ̀dọ̀ Ìyá Ojúọlápé, ó dọ̀bálẹ̀: "Àǹtí mi, ẹ fún ẹ̀jẹ̀ yín ní ilẹ̀ díẹ̀ kó fi gbin obì."

Obìnrin náà wò ó láti òkè délẹ̀, ó yíjú sí Ìbídùn tó tẹ̀lé ọkọ rẹ̀ wá pẹ̀lú àdá tó pọ́n lọ́wọ́, ó ní, "Ìyàwó, ṣé àdá yẹn ṣì mú? Àfòmọ́ kò légbò, igi gbogbo ní í bá tan."