Orin Tí Akọ́raẹni Fi Wá Iṣẹ́

Ẹ bá mi kí Akọ́raẹni. Ẹ má kí i jù o. Bí ẹ bá kí i jù, yóò kọrin fún yín.

Akọ́raẹni, ọkọ okùn mẹ́fà! A-ta-gìtá-kí-aládùúgbò-wálé-míì! Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ ní gìtá. Òun fúnra rẹ̀ ló ń sọ bẹ́ẹ̀, kò sì sẹ́ni tó jiyàn. Ó kọ́, ó kọ́, ó wá kọ. Orin kọ̀.

Ohùn kan ṣoṣo ni ìka rẹ̀ mọ̀. Ohùn náà a máa já wálẹ̀ bí ẹni tó yọ̀ lórí àtẹ̀gùn. Ọ̀rọ̀ yòówù kó fẹ́ kọ, inú ohùn yẹn ni yóò rọ́ ọ sí. Níbi ìgbéyàwó kan, ó ní kóun kí ọkọ. Ọkọ̀ ló jáde. Àwọn àlejò sáré lọ wo mọ́tò wọn.

Nígbà tí wọ́n padà dé, wọ́n rẹ́rìn-ín. Ó ní orin òun ló dùn mọ́ wọn. Ẹni tó ń fárí ara ẹ̀ kì í rí ìpàkọ́.

Pálọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló ń sùn, lórí àga. Ẹ̀gbọ́n yìí ń fọṣọ ní òtẹ́ẹ̀lì. Ibẹ̀ ló ti gbọ́ pé ìyá tó ni òtẹ́ẹ̀lì ń wá olórin. Yàrá wà ńbẹ̀, oúnjẹ wà ńbẹ̀.

"Àbúrò, jọ̀ọ́, gba iṣẹ́ yìí. Ó ti rẹ àga mi."

"Ẹ ní kí wọ́n tẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi sílẹ̀."

Ó ṣe orin kan tó fẹ́ fi kí ìyá náà. Ẹ̀gbọ́n gbọ́ ọ, ó fọwọ́ bo ẹnu.

"Yí ohùn yẹn padà! Ó ń ba ọ̀rọ̀ jẹ́."

"Ta ló kọ́ yín lórin?"

"Ta ló kọ́ ìwọ náà?"

"Èmi ni. Ẹ ò wá rí irú olùkọ́ tí mo ní!"

Ọjọ́ pé. Ìyá olóòtẹ́ẹ̀lì jókòó níwájú, àlejò yí i ká. Àwọn òṣìṣẹ́ to ara wọn sẹ́bàá ògiri. Akọ́raẹni fa okùn, ó dijú.

"Ìyà wa dé o!"

Ìyá ló fẹ́ pè. Ohùn já, ó di ìyà.

Alásè bú sẹ́rìn-ín. Orí Akọ́raẹni wú.

"Ẹ̀wà kún ojú yín!"

Ẹwà ló ń wá o. Ìyá náà sáré nu ẹ̀rẹ̀kẹ́.

"Ọwọ̀ ló yẹ yín!"

Ọ̀wọ̀ ni. Agbálẹ̀ wo ọwọ̀ tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, ó wo ọ̀gá rẹ̀, ó kú sẹ́rìn-ín.

"Ẹ bá mi gbè é!"

Ó ti pẹ́ tí àwọn òṣìṣẹ́ ti ń wá irú orin yìí. Wọ́n lu tíréè, wọ́n lu báàkẹ́tì: "Ìyà wa dé o!"

Ìyá olóòtẹ́ẹ̀lì dìde.

"Olórin, ta lò ń kí?"

"Ẹ̀yin ni, mà."

"Èmi ni kí ni?"

Ká ní ó sọ ọ́ lásán ni, ìyá ni ì bá jáde, ọ̀rọ̀ ì bá tán. Ṣùgbọ́n ṣé olórin ń sọ̀rọ̀ lásán? Ó fa okùn, ó fẹ àyà:

"Ìyà wa dé o!"

"Tiwa kọ́," ìyá náà fèsì. "Tìẹ nìkan ló dé."

Ó ṣẹ́jú sí aṣọ́gẹ́ètì. Ìyẹn fi ọwọ́ kan gbé gìtá, ó fi ọwọ́ kejì gbé olórin.

"Ẹ gbọ́ bí wọ́n ṣe mọ̀ ọ́n kọ!" Akọ́raẹni ń pariwo lókè níbẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ ń jù fírífírí.

Òótọ́ ni. Wọ́n ń gbè é títí dé gẹ́ètì. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pàápàá ń gbè é, òun ló tilẹ̀ pariwo jù. Ó mọ ẹni tó ń padà bọ̀ wá sùn sílé òun.