Màlúù Tí Ọ̀gá Ládòkun Dá Kó

Ṣé ẹ mọ ìdí tí àwọn àgbà fi ń pa á lówe pé àgbà tó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru ẹrù rẹ̀ dé ilé? Ẹ má bi mí bóyá ilé iṣẹ́ gààrí wà láyé àtijọ́ o. A kì í bi ìtàn lọ́jọ́ orí.

Ọ̀gá Ládòkun ló ni ilé iṣẹ́ náà. Tọ́dún bá ti ń parí, wọ́n a pa màlúù fáwọn òṣìṣẹ́. Ìyá Ràmọ́tà, tó ń bó ẹ̀gẹ́ níbẹ̀, ti ṣèlérí ẹran fáwọn ọmọ rẹ̀, àwọn ọmọ sì ti gbé abọ́ kalẹ̀ láti àárọ̀.

Lọ́dún kan, ọ̀gá ní òun fúnra òun lòun máa pín in.

"Èmi lolórí yín, orí di tèmi. Èmi ni mò ń sáré wá oníbàárà, ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin di tèmi. Àyà ńkọ́? Ta ló láyà dá ilé iṣẹ́ sílẹ̀ nínú yín?"

"Ìrù wá ńkọ́, sà?" Ìyá Ràmọ́tà bi í.

"Ìyẹn wà fún ìnáwó òjijì. Ṣùgbọ́n omi tí a fi fọ ẹran ṣì wà. Ẹ pín in dọ́gba."

Wọ́n kó ẹran sí búùtù mọ́tò ọ̀gá. Mọ́tò ò tíì kọjá géètì tó fi rì sínú ẹrẹ̀ omi ẹ̀gẹ́.

"Ẹ bá mi tì í!"

"Omi lẹ fún wa, sà. Omi kì í ti mọ́tò."

Ọ̀gá ṣí búùtù kó bù fún wọn. Ó wo ẹran, ẹran wò ó. Ó bọ́ agbádá, ó fi di gbogbo ẹ̀, ó ní òun á dá a rù délé. Àánú ẹ̀ ṣe wọ́n, wọ́n gbé e rù ú. Ọrùn ọ̀gá wọnú bíi ti ahun.

"Ọ̀gá, ẹ rọra o! Ṣé ẹ ò lọ́mọṣẹ́ ni?" làwọn ará ọ̀nà ń wí.

Ó délé tán, kò lè dá ẹrù sọ̀.

"Ẹ sọ̀ mí o!"

Gémáànù ẹ̀ ní, "Ẹ má bínú, ọ̀gá. Géètì nìkan lẹ fi síkàáwọ́ mi."

Ìyá Ràmọ́tà ti ń tẹ̀ lé e bọ̀ jẹ́jẹ́. "Mo lè sọ̀ yín, sà. Ẹran wa ńkọ́?"

"Ẹ mú ìrù!"

"Ẹ ṣì lókun, sà. Ẹ máa sinmi díẹ̀."

"Ẹsẹ̀ kan!"

"A pọ̀ níbi iṣẹ́, sà."

Ọ̀gá fara ti géètì. "Ẹ gba màlúù yín! Ẹ ṣáà sọ̀ mí!"

Bí gbogbo òṣìṣẹ́ ṣe jẹ ẹran nìyẹn, táwọn ọmọ Ìyá Ràmọ́tà lá abọ́ mọ́. Àwọn àgbà tó bá wọn jẹ ẹ́ ìbá fi kún òwe yẹn pé kò sì ní rẹ́ni sọ̀ ọ́, ṣùgbọ́n ẹran ti kún ẹnu wọn. Ibi tí wọ́n lè sọ ọ́ dé ni pé: àgbà tó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru ẹrù rẹ̀ dé ilé.