Bùbá Léèsì Dé Àgọ́ Ọlọ́pàá

Wọ́n ní ọlọ́pàá Sharjah ti mú Wòsílátù télọ̀, pé ó jí léèsì. Irọ́ ni o. Mo wà níbẹ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe rí.

Ẹ mọ Ọlájíre. Ọlájíre ọmọ JLT ní Dubai, a-wọ-kóòtù-nínú-ooru! Fáìlì ló ń bá wọn gbé ní ọ́fíìsì kan níbẹ̀, àmọ́ lọ́yà ló ń pe ara rẹ̀. Bedspace ló ń gbé ní Al Mamzar, yàrá kan tí èrò pín, bẹ́ẹ̀dì òkè ni tirẹ̀. Tó bá ń gun àkàbà lọ sùn, ẹ máa rò pé àga adájọ́ ló ń gùn.

Gbogbo nǹkan ni kírímínà lẹ́nu rẹ̀. Ẹni tó lo ọṣẹ rẹ̀, kírímínà. Ẹni tó gbé shawarma tútù wá, kírímínà.

Lọ́dún yìí, ó ní òun fẹ́ tẹ kàlẹ́ńdà. Òun nìkan ló máa wà nínú oṣù méjèèjìlá. Mo bá a ra léèsì tó máa fi ya fọ́tò rẹ̀ ní ọjà Al Ras, mo sì mú un lọ bá Wòsílátù ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ní Sharjah. Wòsílátù fa téèpù yọ.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ gbọ́wọ́ sókè kí n wọ̀n yín."

Ọlájíre wo téèpù bí ẹni wo ejò. "Wọn ta? Èmi mọ ara mi." Ó gba bírò, ó kọ ọ́ sínú ìwé ṣọ́ọ̀bù fúnra rẹ̀, ó sì buwọ́ lù ú. Àyà, mẹ́rìndínlógójì. Ikùn, méjìdínlọ́gbọ̀n.

Wòsílátù wo ìwé. Ó wo ikùn. "Ẹ̀gbọ́n, ṣé ó dá yín lójú?"

"Ìwọ lo fẹ́ kọ́ mi ní òfin àdéhùn? Ohun tí mo kọ ni kó o rán."

Ó rán an bẹ́ẹ̀. Àgbà tó bá sá fún téèpù, ikùn rẹ̀ ló ń jẹ́rìí. Lọ́jọ́ tí Ọlájíre wá gbà á, aṣọ kò wọlé, ló bá jù ú sílẹ̀.

"Wòsílátù, o ti jí nínú léèsì mi! Kírímínà ni! Rán mẹ́ta míì fún mi lọ́fẹ̀ẹ́, léèsì tìẹ, tàbí kí n pe ọlọ́pàá."

Ọjọ́ Ajé nìyẹn. Ọjọ́bọ̀ ni Wòsílátù máa wọ bàálù lọ sí Ìlọrin, wọ́n fẹ́ ṣiṣẹ́ abẹ ojú fún ìyá rẹ̀, ọdún mẹ́rin ni wọn ò sì tíì rí ara wọn. Tí ẹjọ́ olè bá wà lọ́rùn èèyàn, wọ́n lè dá a padà ní pápákọ̀. Ọlájíre mọ̀. Ìdí tó fi ń pè é ní kírímínà nìyẹn.

Wòsílátù kọ̀. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, gbogbo wa dé àgọ́ ọlọ́pàá. Ọlájíre kó èèyàn mẹ́fà wá láti ẹgbẹ́ àwa ọmọ Yorùbá, kí wọ́n wá wo bí wọ́n ṣe ń lo òfin.

Ọlọ́pàá náà, ọ̀dọ́mọkùnrin jẹ́jẹ́, bi í ní òyìnbó pé kí ló sọnù.

"Léèsì mi, sà."

Wòsílátù gbé ọ̀rá lé tábìlì: bùbá, ṣòkòtò, àti gbogbo àgékù tó kù.

"Léèsì nìyí. Kí ló wá jí?"

"Ó jí... fífẹ̀ rẹ̀, sà."

Ọlọ́pàá ṣí ìwé ṣọ́ọ̀bù. "Ta ló kọ ìwọ̀n yìí?"

"Èmi ni."

"Ìgbà wo lo wọn ara rẹ?"

Ọlájíre tún táì rẹ̀ ṣe. "Nígbà tí mò ń bọ̀ láti Nàìjíríà."

"Ọdún wo?"

"2011."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ilẹ̀ la kàn ń wò.

"Ẹ jẹ́ kí n fi hàn yín!" Ó bọ́ kóòtù, ó ki ara bọ bùbá. Ọwọ́ kọjá. Orí kù díẹ̀ kó yọ. Èjìká ní òun ò lọ. Ló bá dúró bẹ́ẹ̀ níwájú ọlọ́pàá, ọwọ́ méjèèjì lókè, ojú nínú léèsì, bí ẹni tí wọ́n ká mọ́bi olè. Obìnrin Filipino kan tó ń wá pásípọ́ọ̀tù rẹ̀ ní, "Sorry, sir."

"Ẹ fà á!" Inú bùbá lohùn ti wá.

Wòsílátù ló fà á. Jẹ́jẹ́, kí aṣọ má baà ya.

Ọlọ́pàá ní, "Àdéhùn lẹ jọ ṣe, aṣọ ò wọlé. Ìyẹn kì í ṣe olè. Tó bá ń dùn ọ́, kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ àdéhùn wà, máa lọ síbẹ̀. Àmọ́ tó o bá ṣì ní ó jalè, buwọ́ lù ú níbí. Tó bá jẹ́ irọ́, irọ́ yẹn gan-an ni kírímínà." Ó ti bírò sí i.

Ọlájíre wo bírò náà títí. "Khalas, ó ti parí," ló wí, ó sì bá ẹsẹ̀ rẹ̀ sọ̀rọ̀. Kóòtù rẹ̀ ṣì wà lórí àga.

Lọ́jọ́bọ̀, mo sin Wòsílátù dé pápákọ̀. Bí mo ṣe ń padà bọ̀ nínú metro, Ọlájíre pè mí.

"Ìyá Hameedat, ṣé ó ti lọ?"

"Ó ti lọ."

"Tí wọ́n bá bi yín, ẹ sọ fún wọn pé èmi ni mo ní kó máa lọ."