Afìka-Júwe-Ilé-Onílé

Iṣẹ́ ọkùnrin yìí ni kó máa mú àlejò rìn kiri àdúgbò àtijọ́ ìlú, kó máa fi ìka júwe ilé, kó sì máa pa ìtàn. Iṣẹ́ tó dára ni, bí èèyàn ò bá ní òmíràn. Amọ̀nà ni gbogbo èèyàn ń pè é. Láàárọ̀ ọjọ́ tí à ń wí yìí, àlejò kan ṣoṣo ló wà lọ́wọ́ rẹ̀: ìyá àfẹ́sọ́nà rẹ̀, aránṣọ kan tí ẹnu rẹ̀ mú ju àlùmọ́gàjí rẹ̀ lọ. Ìyá ò sọ tẹ́lẹ̀ kó tó wọkọ̀ wá. Ó ní òun fẹ́ rí yàrá tí ẹni tó fẹ́ fẹ́ ọmọ òun ń gbé, kí òun tó sọ bóyá òun gbà tàbí òun ò gbà. Wàhálà ibẹ̀ ni pé ọmọ ọ̀hún ti kó wọ yàrá náà tipẹ́tipẹ́, tòun ti mátírẹ́ẹ̀sì fífẹ̀ tí ìyá rẹ̀ rà fún un. Amọ̀nà gbọ́dọ̀ fi ìtàn dá Ìyá dúró níta títí ọmọ á fi palẹ̀ ẹrù mọ́.

"Ẹ káàbọ̀ sí àdúgbò àtijọ́, mà." Ó kọjú sí Ìyá, ó ń fi ẹ̀yìn rìn, bí àwọn oníṣẹ́ rẹ̀ ti máa ń ṣe. "Gbogbo ohun tí ẹ ń wò yìí ló ní ìtàn."

"Kọjú síbi tó ò ń lọ."

"Bí àwa amọ̀nà ṣe ń rìn nìyẹn, mà, kí ojú wa lè wà lára àlejò."

"Mọ́tò tó bá fẹ́ fi ẹ̀yìn rìn, ṣe ló máa ń ké kí ará ọ̀nà lè sá. Ìwọ ò tiẹ̀ ké."

"Èmi ń sọ̀rọ̀, mà."

"Ẹ̀ẹ́n. Mo ń gbọ́ ariwo náà."

Amọ̀nà gbé e mì, ó na ìka sí ilé olókùúta kan. "Ilé olówó kan nìyí, mà. Ó ti lé ní igba ọdún."

"Ta ló ń gbé ibẹ̀?"

"Kò sẹ́ni tó ń gbé ibẹ̀ mọ́."

"Ṣé olówó náà ò bímọ ni?"

"Ó bímọ, mà. Ó bí rẹpẹtẹ."

"Ọmọ rẹpẹtẹ, ẹnì kan ò lè kun ilé bàbá ẹ̀ lọ́dà! Wo bí ara ògiri ṣe ń bó."

"Ilé ọba tó jó, mà, ẹwà ló bù sí i."

"Èyí ò jó. Ìmẹ́lẹ́ ló bà á jẹ́."

"Òfin ni, mà. Ìjọba ní a ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án. Bó ṣe wà náà ni kó wà."

"Ẹ ṣòfin pé kí ilé má dáa mọ́? Ẹ má jẹ́ kí lándìlọ́ọ̀dù mi gbọ́. Ọjọ́ tó bá gbọ́, á dìde jó."

Wọ́n rìn síwájú. Ọ̀nà náà rí tóóró, òkúta rẹ̀ sì ń yọ̀. Ìyá dúró lẹ́nu kọ̀rọ̀ kan, ó ń fi imú fa afẹ́fẹ́. Inú kọ̀rọ̀ yẹn gan-an ni yàrá Amọ̀nà wà.

"Kọ̀rọ̀ yìí ńkọ́? Mo ń gbóòórùn ọṣẹ. Èèyàn gidi ń gbé ibẹ̀."

"Ìyẹn? Kò ní ìtàn kankan, mà."

"Ṣebí o ní gbogbo ohun tí mò ń wò ló ní ìtàn?"

"Àyàfi ìyẹn, mà."

"Ilé tìẹ ńkọ́?"

"Tèmi, mà?"

"Ilé tí mo tìtorí ẹ̀ wọkọ̀. Àbí o rò pé ògiri tó ń bó ni mo wá wò? Ọmọ kan ṣoṣo ni mo bí. Tí mi ò bá fojú ara mi rí ibi tó máa sùn, mi ò gbà, ọ̀rọ̀ pin."

"A máa débẹ̀, mà. Ìparí ètò ló wà. Ẹ ò tíì rí gọ́tà."

"Kí ni mo fẹ́ fi gọ́tà ṣe?"

"Gọ́tà àtijọ́ ni, mà. Ibẹ̀ ni ìdọ̀tí àwọn ará ìgbà yẹn ń ṣàn gbà." Ó ti bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́bàá gọ́tà, ó ń fọwọ́ pọ́n ọn lé bí ẹni fẹ́ tà á.

"Ìdọ̀tí tòní ńkọ́? Àbí òkè ni tiyín ń gbà?"

"Ibí náà ló ń gbà, mà."

"Kí ló wá ṣe é tó fi jẹ́ ìtàn? Dìde níbẹ̀, jàre, àwọn èèyàn ń wò wá."

Amọ̀nà dìde, ó wo fóònù rẹ̀. Wọ́n ti jọ sọ ọ́ pé tí ọmọ bá ti kó ẹrù tán, á pè é. Fóònù dákẹ́ lọ gbáú. Ó wò yíká, ó ń wá ohun tó kù tí òun lè pa ìtàn sí, kò rí ju òkúta ńlá kan lọ.

"Òkúta yìí, mà! Èèyàn ńlá kan ti jókòó lórí ẹ̀ rí."

"Ta ni?"

"Wọn ò mọ orúkọ ẹ̀ mọ́."

"Èèyàn ńlá tí ẹnikẹ́ni ò mọ orúkọ ẹ̀." Ìyá tẹ́ aṣọ ìnujú rẹ̀ sórí òkúta náà, ó sì jókòó. "Ó dáa. Èèyàn ńlá míì tún ti jókòó síbẹ̀. Fi kún ìtàn ẹ."

"Ẹ wo aago gogoro yẹn náà, mà. Ìgbà kan wà tó jẹ́ pé gbogbo ìlú ló ń fi í mọ àkókò."

"Kò ṣiṣẹ́."

"Ó ti kú tipẹ́, mà."

"Ẹ sì ń pe èèyàn láti ọ̀nà jíjìn wá wò ó? Aago tèmi náà kú. Mo kàn jù ú sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, mi ò fi í dárà débi pé màá pe àlejò sí i."

Fóònù dún. Amọ̀nà gbà á kó tó dún tán, ó yí ẹ̀yìn padà, ó ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́. Ọmọ ò tíì parí. Ìbéèrè ló ní.

"Ta nìyẹn?" ni Ìyá bi í.

"Ilé iṣẹ́ wa ni, mà. Wọ́n ní kí làwọn máa ṣe sí ìkòkò kan."

"Ìkòkò wo?"

"Ìkòkò àtijọ́, mà. Wọ́n fẹ́ mọ̀ bóyá káwọn gbé e kúrò níbi tó wà."

"Ta ló ni ín?"

"Obìnrin kan tó gbé ládùúgbò yìí nígbà kan."

"Ó ti kú?"

"Rárá o! Ó... ó kó lọ ni, mà." Òógùn yọ níwájú orí rẹ̀. "Ó ń kó lọ."

"Obìnrin tó mọ ohun tó ń ṣe kì í fi ìkòkò ẹ̀ sílẹ̀ fún ẹlòmíì. Sọ fún wọn kí wọ́n gbé e fún un."

"Ìyá ní kó o gbé e!" ni Amọ̀nà wí sínú fóònù. Igbe kan jáde láti inú fóònù náà, ìpè náà sì gé.

"Wọ́n ń kígbe."

"Inú wọn dùn ni, mà."

"Nítorí ìkòkò? Ilé iṣẹ́ yín náà ń fẹ́ ìtọ́jú."

Amọ̀nà ò tún rí òkúta kankan mọ́. Ó mú Ìyá jáde kúrò láàárín ilé àtijọ́, ó di ojú títì ńlá, níbi tí àwọn ilé onígíláàsì ti tò lọ rẹrẹ, tí wọ́n ga débi pé ọrùn á ro ẹni tó bá ń wò wọ́n.

"Ìlú ìgbàlódé nìyí, mà! Ẹ wo bó ṣe ń dán."

"Ta ló ń nù ún?"

"Àwọn kan wà, mà, wọ́n máa ń fi okùn so ara wọn rọ̀ láti òkè."

"Kí ni àwọn tó wà nínú ilé ń fi ọwọ́ tiwọn ṣe? Kí wọ́n ṣí wíńdò, kí wọ́n nù ún."

"Wíńdò ẹ̀ kì í ṣí, mà."

"Wíńdò olówó ò ṣeé ṣí, wíńdò tèmi ò ṣeé tì. Ọmọ ìyá kan náà ni wá. Àwọn wo ló ń gbé ibẹ̀?"

"Ọ́fíìsì ni gbogbo ẹ̀, mà. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, kálukú á gbalé ẹ̀ lọ."

"Ti àtijọ́, kò sẹ́ni níbẹ̀. Ti ìgbàlódé, kò sẹ́ni níbẹ̀. Ìlú yìí, ibo gan-an lẹ̀ ń sùn? Ìbéèrè tí mo bá wá nìyẹn, ọmọkùnrin. Ó ti sú mi. Mú mi lọ sí yàrá ẹ nísinsìnyí, àbí kí n máa lọ síbi tí mo ti máa wọkọ̀."

Ẹ̀rù ba Amọ̀nà gidigidi. Tí Ìyá bá bínú lọ, ìgbéyàwó ti fọ́. Tó bá sì mú un délé, ó tún fọ́. "Ẹ jẹ́ ká kàn gun òkè ilé yìí, mà. Ibẹ̀ ló kù. Tá a bá sọ̀kalẹ̀, yàrá mi ló kàn."

"Ṣé o búra?"

"Mo búra, mà."

Lífítì gbé wọn lọ sókè. Ìyá di ojú rẹ̀ títí wọ́n fi débẹ̀, ó ń bú ẹni tó dá irú rẹ̀ sílẹ̀. Òkè ilé náà tẹ́jú, wọ́n fi irin yí i ká. Afẹ́fẹ́ tútù fẹ́ sí Amọ̀nà lójú, ara rẹ̀ sì balẹ̀, nítorí ibí yìí ló ti mọ ọ̀rọ̀ sọ jù. Ó na ọwọ́ méjèèjì.

"Láti ibí, mà, kò sí ilé kankan nílùú yìí tó pamọ́. Ilé olówó nìyẹn. Aago gogoro nìyẹn. Bí ẹ bá sì wo apá òsì yín, ẹ máa rí páànù pupa kan láàárín kọ̀rọ̀. Ààfin tèmi nìyẹn."

Ojoojúmọ́ ló máa ń sọ ọ́ fún àwọn àlejò, wọn a sì rẹ́rìn-ín. Ẹnu rẹ̀ ti sọ ọ́ kí orí rẹ̀ tó gbọ́. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín lónìí.

"Páànù pupa wo?"

"Kò sí páànù pupa, mà. Ẹ wo odò lápá ọ̀tún."

"Gbé odò ẹ kúrò lójú mi." Ìyá gbá irin mú. "Ihò abẹ́rẹ́ ni mi ò rí mọ́. Ohun tó bá jìnnà, kò sẹ́ni tó rí i jù mí lọ. Mo rí páànù. Mo rí ọmọbìnrin kan tó ń jáde lábẹ́ ẹ̀. Ó ru mátírẹ́ẹ̀sì."

"Ìlú ńlá nìyí, mà, èèyàn máa ń ru..."

"Ó gbé ìkòkò dání."

Amọ̀nà ń fi ẹ̀yìn rìn lọ sídìí lífítì.

"Aṣọ aláwọ̀ ewé tó wọ̀ yẹn, èmi ni mo gé e, èmi ni mo rán an. Wá, dúró síbí. Èmi ni n ó júwe báyìí. Èyí tó ń rìn lọ yẹn, ṣé o mọ ọdún tí wọ́n kọ́ ọ? Èmi mọ̀ ọ́n. Oṣù mẹ́sàn-án gbáko ni mo fi kọ́ ọ."

Amọ̀nà kúnlẹ̀ gbì. "Ẹ ṣàánú mi, mà. Ó ti ń gbé ọ̀dọ̀ mi tipẹ́. Ẹ̀rù yín ló bà wá. Mo fẹ́ràn ọmọ yín, mà. Èyí kì í ṣe ìtàn."

"Irọ́ lọ fógún ọdún, ọjọ́ kan lòótọ́ bá a. Tìẹ ò tiẹ̀ dé ọ̀sán."

Nísàlẹ̀ lọ́hùn-ún, ọmọ náà sọ mátírẹ́ẹ̀sì kalẹ̀, ó ń fọwọ́ pa ọrùn. Àánú rẹ̀ ṣe Ìyá, ó dùn ún dé ọkàn. Ó yí ìbínú náà sí ẹni tó wà níwájú rẹ̀.

"Ọrùn ń dun ọmọ mi. Ìwọ wà lókè níbí, ò ń fi ìka júwe ilé onílé! Irú ọkọ wo nìyẹn?"

"Ọkọ, mà? Ṣé ẹ ti gbà?"

"Àwọn tó ti jọ ń sùn lórí ohun tí mo rà, kí ló kù tí mo fẹ́ gbà tàbí tí mo fẹ́ kọ̀? Dìde. Pè é, kó dá ẹrù padà. Sáré lọ bá a gbé e."

Amọ̀nà fò dìde, ayọ̀ ò jẹ́ kó rí bọ́tìnì lífítì. Bí ilẹ̀kùn ti ṣí, iṣẹ́ tún gbé e. "Bí a bá ti sọ̀kalẹ̀, mà, kọ̀rọ̀ tí yàrá mi wà yẹn, ní ayé àtijọ́..."

"Pa ẹnu ẹ dé. Nínú gbogbo ilé tó wà nílùú yìí, yàrá yẹn nìkan ni mi ò nílò amọ̀nà láti mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀."