Òjò Tó Rọ̀ Lórí Rédíò Ní Ìdó-Ẹ̀pà

Ẹ gbọ́ o! Ẹ gbọ́ o! Ẹ̀yin ará Ìdó-Ẹ̀pà, onílé, àlejò, ẹni tó ń jẹun àti ẹni tó ń wo ẹni tó ń jẹun, ẹ dákẹ́ ná! Èmi Ọ̀jẹ̀lékè, akéde ààfin ni. Ẹnu mi kọ́ o! Ẹnu Kábíyèsí ni mo gbé wá. Ìyàwó tèmi gan-an wà nínú òfin yìí. Ẹ ní sùúrù kí n dé ibẹ̀.

Òjò rọ̀ o! Mo ní òjò rọ̀! Láàárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, òjò ńlá rọ̀ lórí Rédíò Ohùn Ìtura. Akàròyìn kà á. Akéwì ààfin gbè é lẹ́sẹ̀:

Ọba tí í wo sánmà, tí sánmà í bú sẹ́kún,
Ọkọ ọ̀dá, àna ẹ̀ẹ̀rùn,
Ó sín lẹ́ẹ̀kan, odò kún dé bèbè!

Wọ́n tún un kà lọ́sàn-án. Wọ́n tún un kà nírọ̀lẹ́. Òjò tó rọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta lóòjọ́, ta ló kù tí kò tíì rin?

Mo rí yín o. Ẹ ń wo ilẹ̀. Ẹ má wo ilẹ̀ mọ́! Kábíyèsí ní ilẹ̀ ni kò gbọ́ ìròyìn.

Nítorí náà, òfin dé!

Òfin kìíní. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kí ẹnikẹ́ni ní "ẹ kú ọ̀gbẹlẹ̀" mọ́. "Ẹ kú òjò" ni! Ẹni tí a kí yóò dáhùn pé "òjò ìbùkún o", yóò sì gbọ̀n bí ẹni tí òtútù mú. Ẹni tí kò bá gbọ̀n, ẹ̀ṣọ́ ààfin yóò mì ín jìgìjìgì!

Òfin kejì. Eruku ti tán ní ìlú yìí. Èyí tó ń wọ̀ yín lójú, ẹrẹ̀ gbígbẹ ni.

Òfin kẹta. Ẹ̀yin pásítọ̀, ẹ̀yin lèmọ́mù, Kábíyèsí kí yín. Àdúrà òjò parí! Ẹni tó ń tọrọ ohun tí wọ́n ti fún un, aláìmoore ni. Ọpẹ́ nìkan ni kí ẹ máa dá. Ṣebí àwọn àgbà ní ẹni tí òjò pa tí Ṣàngó kò pa, kó máa dúpẹ́? Èmi náà kúnlẹ̀ lánàá, mo dúpẹ́ òjò títí ohùn mi fi há. Mo wá rọra bèèrè pé, Bàbá mi tó ń bẹ lókè, èwo la ń dúpẹ́ rẹ̀ gan-an?

Òfin kẹrin. Ọ̀pọ̀lọ́! Òjò rọ̀, wọn ò ké. Ọ̀pọ̀lọ́ tó bá dákẹ́ di ọjọ́ keje, ọlọ̀tẹ̀ ni. Onílé tó gbà á sílé ni yóò jókòó sí ìloro, yóò máa ké dípò rẹ̀!

Òfin karùn-ún. Ẹni tó bá ní oko òun gbẹ, a ó fún un ní garawa. Yóò máa gbọ́n omi tó kún oko náà títí oko yóò fi gbẹ. Kò gbọdọ̀ sinmi! Kò gbọdọ̀ sinmi!

Òfin kẹfà. Ẹ jẹ́ kí n mí ná.

Òfin kẹfà kan Àwẹ̀ró, ìyàwó akéde. Ní Ọjọ́rú, rédíò ní kí olùgbọ́ pè wá dúpẹ́. Àwẹ̀ró pè. Gbogbo ìlú ló gbọ́ ọ. Ó ní, "Olóòtú, ẹ kú iṣẹ́ o. Òjò yín yìí, àdúgbò wo ló gbà kọjá? Mo gbé ìkòkò mẹ́ta síta, alángbá ló sùn sínú ọ̀kan. Ẹ bá mi bi Kábíyèsí, ṣé alángbá yẹn ni kí n fi po ẹ̀kọ?" Wọ́n pa fóònù mọ́ ọn lẹ́nu. Wọ́n fi orin bò ó.

Ìdájọ́ rẹ̀ rèé. Lọ́la, kí oòrùn tó kan àtàrí, kí Àwẹ̀ró dúró níwájú ààfin, kí ìró rẹ̀ rin gbindingbindin, kó fi jẹ́rìí pé òjò pa òun. Bí ìró bá gbẹ, kó fi ìlú sílẹ̀. Kó fi ìlú sílẹ̀!

Ọdún mọ́kànlélógún ni mo ti ń jẹun obìnrin yìí. Ẹ̀yin èèyàn mi, níbo la ó ti rí omi rẹ ìró? Kànga ọjà gbẹ. Odò ti di ọ̀nà ọ̀kadà. Kànga ààfin nìkan ló lómi, wọ́n sì fi àgádágodo tì í.

Ṣùgbọ́n bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, tọmọ là á fi jẹ́ ẹ. Mo wo ìwé òfin tí ààfin fi lé mi lọ́wọ́ títí, àyè kù nísàlẹ̀ rẹ̀.

Òfin keje! Ẹ gbọ́ o! Òjò tó pa ìlú kì í ṣe ẹnìkan ló pa. Aṣọ gbígbẹ ti di èèwọ̀ fún gbogbo wa! Lọ́la, kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, tọkùnrin tobìnrin, ẹ gba ààfin lọ pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì, garawa àti ìkòkò. Kànga ààfin di ṣíṣí! Àwẹ̀ró ni yóò kọ́kọ́ fà. Ẹ rẹ aṣọ yín. Ẹ mu. Ẹ pọn sílé. Ẹ̀ṣọ́ tó bá dí yín lọ́nà, ẹ bi í bóyá kò gbà pé òjò rọ̀ ni. Ẹ bi í sókè, kí Kábíyèsí gbọ́!

Mo ti jẹ́ iṣẹ́ tán, ọ̀fun mi ti gbẹ. Ẹni tó gbọ́, kó jí ẹni tó sùn. Kí ọba ó pẹ́, kí ìlú ó rómi mu. Bí wọ́n bá sì bi yín pé ta ló sọ òfin keje, ẹ ní rédíò ni.