Géèmù Roheem àti Ààlà Ilẹ̀ Olóbì

Ẹjọ́ kan wọ ààfin abúlé Olóbì lánàá lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, ó sì gbé kọ̀ǹpútà lọ́wọ́ wọlé. Ilé alámọ̀ onípáànù ni ààfin náà, lẹ́bàá ọ̀nà Ìrókò. Àga mẹ́fà péré ló wà níbẹ̀, nítorí Baálẹ̀ Sàníù kò fẹ́ kí èrò pọ̀ ju ọ̀rọ̀ lọ. Baálẹ̀ kò jókòó nídìí kọ̀ǹpútà rí. Ohun tó mọ̀ ni ilẹ̀, ohun tó sì kórìíra ni kí a máa fi nǹkan ṣòfò.

Tẹniọlá ló pẹjọ́. Òun ló ń ya fọ́tò, tó sì ń tẹ ìwé fún gbogbo abúlé. Roheem tó pè lẹ́jọ́ ń tún fóònù ṣe ní ṣọ́ọ̀bù tó kángun sí tirẹ̀. Ọ̀tún Ọlọ́runyọmí jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ Baálẹ̀, ó ti dá ẹjọ́ náà tán nínú ọkàn rẹ̀ kó tó gbọ́ ọ.

"Sọ ẹjọ́ rẹ," ni Baálẹ̀ wí. "Má pẹ́ sọ."

"Kí ẹ̀mí yín gùn, Baálẹ̀. Roheem ló ní jẹnẹrétọ̀, èmi ni mo ní kọ̀ǹpútà. Ó ń fún mi níná. Nígbà Iléyá tó kọjá, ó bẹ̀ mí pé kí n fún òun ní igun kan nínú kọ̀ǹpútà, kí òun fi géèmù bọ́ọ̀lù kan síbẹ̀. Mo fún un. Gíìgì mẹ́wàá ni."

"Kí ló ń jẹ́ gíìgì?"

"Òun ni wọ́n fi ń wọn ààyè inú ẹ̀rọ, Baba, bí a ṣe ń fi éékà wọn oko. Igba ó lé àádọ́ta ni gbogbo tèmi."

"O fún un ní mẹ́wàá. Igba ó lé ogójì ló kù fún ọ."

"Ó yẹ kó kù, Baba. Kò kù mọ́. Ìdí nìyẹn tí ohùn Màmá Fàtímọ̀ kò fi wọlé."

Nígbà tí Baálẹ̀ gbọ́ èyí, ó jókòó dáadáa. Àwọn awọnlẹ̀ ń bọ̀ ní Mọ́ńdè láti ri òpó sí ààlà Olóbì. Nínú gbogbo abúlé, Màmá Fàtímọ̀ nìkan ló kù tó mọ gbogbo àmì ààlà náà, láti ìdí àràbà títí yí ká. Baálẹ̀ fúnra rẹ̀ ló rán ìyá àgbà náà lọ sọ́dọ̀ Tẹniọlá ní Ọjọ́bọ̀ kí wọ́n gba ohùn wọn sílẹ̀.

"Wọ́n ń sọ̀rọ̀, kọ̀ǹpútà ń gbà á," ni Tẹniọlá wí. "Nígbà tí wọ́n dé odò Àwẹ̀, ààyè tán. Ẹ̀rọ dúró. A kò mọ̀."

Màmá Fàtímọ̀ náà wà níjòókòó, ó fi ọ̀pá gbá ilẹ̀. "Láti ìrun àìlà títí di alásárì ni mo ń bá a sọ̀rọ̀, Sàníù! Mo júwe òkúta méjèèjì. Mo júwe ibi tí bàbá rẹ ti já bọ́ lórí ọ̀pẹ. Mo tiẹ̀ kọrin fún un. Àṣé pákó lásán ni mò ń kọrin fún."

"Ẹ má bínú, Ìyá. Ẹ bá wa tún un sọ lónìí."

"N kò sọ ọ́ mọ́. Mo ti búra. Mo lè bá ènìyàn sọ̀rọ̀. N kò ní bá ẹ̀rọ sọ̀rọ̀ mọ́ títí ilẹ̀ á fi gbà mí. Ènìyàn tí kò bá gbọ́ mi, ó kéré tán, á yán."

Baálẹ̀ mọ̀ pé bí Ìyá bá búra, ó di òkúta. Ó yíjú sí Roheem.

"Roheem, ní Olóbì níbí, ẹni tí a bá yá nílẹ̀ á gbin àgbàdo, á gbin ẹ̀gẹ́. Kò gbọdọ̀ gbin kòkó, kò gbọdọ̀ gbin obì, nítorí igi kì í kúrò lórí ilẹ̀ onílẹ̀ bọ̀rọ̀. Kí ni ìwọ gbìn?"

"Ẹ̀fọ́ ni mo gbìn, Baba. Ó sọ ara rẹ̀ di kòkó."

"Ẹ̀fọ́ wo ló ń di kòkó?" ni Ọ̀tún bú mọ́ ọn.

"Ẹ̀fọ́ inú kọ̀ǹpútà, Olóyè. Àwọn tó ṣe géèmù náà lókè òkun ló ń fi àfikún ránṣẹ́ lóṣooṣù: bàtà tuntun, pápá tuntun, irun orí àwọn agbábọ́ọ̀lù. Mẹ́wàá ni mo gbé wá. Kí n tó ṣẹ́jú, ó ti di ọgọ́ta. Àwọn yẹn ni kí ẹ pè lẹ́jọ́."

"Ìwọ lo ń tẹ 'bẹ́ẹ̀ ni' nígbà tó bá béèrè," ni Tẹniọlá wí.

"Ó béèrè tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ ni! Ṣé kí n máa lé ẹni tó ń bẹ̀ mí?"

"Ọgọ́ta nìyẹn," ni Baálẹ̀ wí. "Ilẹ̀ ṣì kù."

"Kò tiẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, Baba," ni Roheem wí. " Mo ti pa á rẹ́ láti ìgbà ààwẹ̀. Mo ní ẹlẹ́rìí."

Ẹlẹ́rìí náà ni Joshua, bíríkìlà, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí wọ́n jọ máa ń gbá géèmù náà.

"Joshua, ṣé ó ṣojú rẹ nígbà tó pa á rẹ́?"

"Lójú mi kòrókòró, Baálẹ̀. Mo fi ìjọ wa búra."

"Ìjọ rẹ kò sí nínú ẹjọ́ yìí. Ìgbà wo lo rí géèmù náà kẹ́yìn?"

"Ọjọ́rú, sà. Mo na Roheem ní góòlù mẹ́ta sí òdo."

"Méjì sí òdo ni!" ni Roheem kígbe. "Ọ́fúsáìdì ni ìkẹta!"

Gbogbo ààfin bú sẹ́rìn-ín. Baálẹ̀ kò rẹ́rìn-ín.

"Ohun tí o pa rẹ́ nígbà ààwẹ̀, báwo ni wọ́n ṣe nà ọ́ nínú rẹ̀ ní Ọjọ́rú?"

Roheem wo òrùlé. Tẹniọlá ṣí kọ̀ǹpútà, ó yí ojú rẹ̀ sí Baálẹ̀.

"Àwòrán kékeré tó wà lójú ẹ̀rọ ló pa rẹ́, Baba. Géèmù fúnra rẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀rọ. Nígbà tí kò rí àwòrán mọ́, ó rò pé géèmù ti lọ, ọkàn rẹ̀ sì tún fà á, ló bá kó òmíràn wọlé. Ó tún ṣe bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kẹta. Ọ̀kan wà níbi tí mo fún un, ọ̀kan wà láàárín fọ́tò ìkómọ, ọ̀kan sì wà níbi tí mo ń kó ìwé ẹ̀kọ́ mi sí."

Baálẹ̀ rò ó díẹ̀. "Ó yọ pátákó iwájú ṣọ́ọ̀bù, ó ní òun ti wó ṣọ́ọ̀bù."

"Bẹ́ẹ̀ gan-an ni, Baba."

"Ọgọ́ta lọ́nà mẹ́ta. Ọgọ́sàn-án! Nítorí bọ́ọ̀lù tí kò sí ẹni tó làágùn nídìí rẹ̀!"

Joshua rí i pé ọ̀rọ̀ ti ń bàjẹ́, ó fẹ́ gba ọ̀rẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. "Ẹ ṣàánú rẹ̀, Baálẹ̀. Kì í ṣe ọ̀lẹ. Ó ti ra díìsìkì tirẹ̀ tí a máa ń kó géèmù sí, tuntun, kò tóbi ju ọṣẹ kan lọ. Ọ̀rá ṣì wà lára rẹ̀."

Roheem kọjú sí i. Bí ojú bá ń gún ni lọ́bẹ, Joshua ìbá ti kú.

"O ní ilẹ̀ tìrẹ?" ni Baálẹ̀ bi Roheem, jẹ́jẹ́.

"Mo ní, Baba."

"Kí ló wà lórí rẹ̀?"

"Kò sí nǹkan kan. Mi ò fẹ́ kó gbó ni. Mò ń tọ́jú rẹ̀ de ìgbà tí mo bá ra kọ̀ǹpútà tèmi."

"Ìgbà wo nìyẹn?"

"Ó wà lọ́wọ́ Ọlọ́run."

Baálẹ̀ di ojú. Ó ti dá ẹjọ́ ẹni tó jẹ́ kí oko tirẹ̀ kún fún igbó, tó ń dáko lórí ilẹ̀ opó. Ṣùgbọ́n kò tíì rí ẹni tó fi ọ̀rá wé oko rí.

"Ewúrẹ́ kan!" ni Ọ̀tún wí. "Kó lọ mú ewúrẹ́ kan wá, kí ẹjọ́ parí."

"Olóyè, bí awọnlẹ̀ bá dé ní Mọ́ńdè, ṣé ewúrẹ́ la máa ní kó júwe ààlà?"

"Ewúrẹ́ kò tiẹ̀ mọ ààlà," ni Màmá Fàtímọ̀ dá sí i. "Ti Ọlọ́runyọmí wà nínú ẹ̀gẹ́ mi láàárọ̀ yìí."

Baálẹ̀ ní kí Roheem dìde.

"Wàá tú ọ̀rá lára díìsìkì rẹ lónìí, wàá kó géèmù kan síbẹ̀, wàá sì hú méjì tó kù tigbòǹgbò-tigbòǹgbò, kì í ṣe pátákó lásán. Tẹniọlá á máa wò ọ́. Ìyẹn tán. Ó ku ti Olóbì. Ìyá ní ènìyàn nìkan ni àwọn máa bá sọ̀rọ̀. Ìwọ lo sì gba ibi tí à bá kó ọ̀rọ̀ wọn sí. Nítorí náà, inú orí rẹ la máa kó o sí."

"Orí mi, Baba?"

"Orí rẹ. Wàá bá Ìyá yí ààlà ká. Bí ó bá rẹ̀ wọ́n, wàá pọ̀n wọ́n. Àmì tí wọ́n bá dárúkọ, ìwọ náà á dárúkọ rẹ̀. Bí o bá ṣi ẹyọ kan, wàá padà sí ìdí àràbà, wàá tún bẹ̀rẹ̀. Ìyá ló búra, ìwọ kò búra: lọ́jọ́ Àìkú, wàá jókòó, wàá sọ gbogbo rẹ̀ fún kọ̀ǹpútà, nítorí ààyè á ti ṣí. Ní Mọ́ńdè, ìwọ lo máa dúró níwájú awọnlẹ̀."

Roheem wólẹ̀. "Baba, ẹ gbà mí. Orí mi kéré. Ó ti kún."

"Joshua, ní kó ka àwọn agbábọ́ọ̀lù inú géèmù náà."

Joshua ò tíì la ẹnu tán tí Roheem ti bẹ̀rẹ̀. Kò lè mú un mọ́ra. Ó ka orúkọ mẹ́rìnlélógójì láì mí, tòun ti nọ́ńbà ẹ̀yìn wọn, tòun ti àwọn tó kàn jókòó sórí bẹ́ǹṣì.

"Orí náà gbòòrò," ni Baálẹ̀ wí. "Ohun tí o kó sí i ni kò dára. Kó o kúrò."

"Báwo lèèyàn ṣe ń kó orúkọ kúrò nínú orí, Baba?"

"Pọ̀n mí," ni Màmá Fàtímọ̀ wí, ó ti dìde, "wàá rí i bí wọ́n ṣe máa jáde."

Wọ́n kó géèmù kúrò, Tẹniọlá ń ka iye ààyè tó ń ṣí, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Lẹ́yìn náà ni Roheem bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ìyá àgbà gun ẹ̀yìn rẹ̀, wọ́n kọjá lọ. Baálẹ̀ gbé àga rẹ̀ bọ́ síta, ó ń gbọ́ ohùn wọn lọ́nà oko.

"Láti ìdí àràbà, ó di ibo?"

"Ó di odò, Ìyá."

"Odò wo?"

"Odò... odò..."

"Padà!"

Kí oòrùn tó wọ̀, Baálẹ̀ ti ka ẹ̀ẹ̀mọ́kànlá tí Roheem pọn Màmá Fàtímọ̀ kọjá níwájú ààfin padà sí ìdí àràbà. Ní ìgbà kọ̀ọ̀kan, òógùn Roheem ń pọ̀ sí i, ìyá àgbà náà sì túbọ̀ ń fara tì í dáadáa.