Wàrà Tó Kọ̀ Tí Kò Yọ́

Ọjọ́ kan wà tí mi ò lè gbàgbé láyé mi, ọjọ́ tí mo jókòó ti ìkòkò nílé wa ní Ayétòrò, tí mo ń bẹ wàrà pé kó jọ̀ọ́ kó yọ́. Mi ò fi ṣàwàdà o. Mo bẹ̀ ẹ́ lóòótọ́. Mo ní, "Jọ̀ọ́, nítorí Ọlọ́run, Tàǹtí ti kọjá Ìmẹ̀kọ." Wàrà ò dá mi lóhùn.

Kí ọ̀rọ̀ náà lè yé yín, ẹ jẹ́ kí n mú un látìbẹ̀rẹ̀. Mo mọ̀ pé mo máa ń ṣàlàyé jù, àwọn ará ilé mi ti sọ ọ́ fún mi títí ó fi sú wọn, àmọ́ tí mi ò bá ṣàlàyé, ọkàn mi kì í balẹ̀. Mo ti parí ìsìn agúnbánirọ̀ nígbà náà, mo sì ti padà sílé sọ́dọ̀ màmá mi, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì. Iṣẹ́ ò tíì sí. Kì í ṣe pé ẹnikẹ́ni ń yọ mí lẹ́nu o. Màmá mi kì í sọ nǹkan kan, ìyẹn gan-an ló sì ń dùn mí. Ká ní ó ń sọ̀rọ̀ ni, ǹ bá rí èsì fọ̀. Àmọ́ bó ṣe máa ń gbé oúnjẹ síwájú mi láràárọ̀, tí yóò sì rọra yí padà lọ, ó máa ń ṣe mí bíi pé àlejò tó ti pẹ́ jù ni mí.

Ibi tí mo wà nìyẹn nígbà tí Tàǹtí pè mí lórí fóònù. Àbúrò bàbá mi ni. Kétu ló ń gbé, lódìkejì bọ́dà, ó sì ní ilé oúnjẹ kan níbẹ̀ tí àwọn oníṣòwò àti awakọ̀ tó ń ti Nàìjíríà bọ̀ máa ń yà sí. Bí wọ́n ṣe ń pe àǹtí lọ́hùn-ún ni gbogbo wa ṣe ń pè é. Ó ní òun ń wá ọmọ tó kàwé, tí yóò wá bá òun ṣiṣẹ́. Ó wá béèrè pé, "Kí lo tiẹ̀ mọ̀ ọ́n sè?"

Ìrẹsì àti ẹyin díndín ni mo mọ̀ ọ́n sè. Ṣùgbọ́n kó tó pè mí, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wo fídíò kan tán ni, níbi tí obìnrin òyìnbó kan ti ń fi ṣíìsì, ìyẹn wàrà tiwọn, se ọbẹ̀. Ọbẹ̀ náà ki, ó ń dán, ó pọ́n láwọ̀ osàn, ata sì wà lójú rẹ̀. Bí obìnrin náà ṣe gbé ṣíbí sókè ni ọbẹ̀ ń fà tẹ̀ lé e bí ilá.

"Mo lè se ọbẹ̀ ṣíìsì, Tàǹtí," lẹnu mi sọ. "Ó máa ń ki, ó sì máa ń ta lẹ́nu."

"Ẹ̀n-ẹ́n! Mò ń bọ̀ wá kí màmá rẹ ní Sátidé. Sè é dè mí."

Ó ti gé fóònù kí n tó ráyè ṣàlàyé. Mi ò fẹ́ kí ẹ rò pé mo fẹ́ tàn án jẹ. Ohun tó wà lọ́kàn mi ni pé tí mo bá ní mi ò mọ nǹkan kan, ọmọ ẹlòmíràn ni yóò pè. Ó sì tún wà lọ́kàn mi pé Sátidé ṣì jìnnà. Pabambarì rẹ̀, mo bi ara mi pé kí ló le nínú kéèyàn ju nǹkan sínú ohun gbígbóná kó yọ́?

Ṣíìsì ò sí ní Ayétòrò. Mo wọ ṣọ́ọ̀bù kan bọ́ sí òmíràn. Ẹni tó ń ta ẹja yìnyín bi mí bóyá oògùn ni. Mo ti ń bọ̀ wálé tìbànújẹ́-tìbànújẹ́ nígbà tí mo rí ìyá Fúlàní kan tó máa ń ti ọ̀nà Ìgbógìlà wá, tó sọ igbá kalẹ̀, tí wàrà funfun báláú ń léfòó nínú omi rẹ̀. Mo dúró. Mo ronú bí ẹni tó kàwé. Mílíìkì màlúù ni wọ́n fi ń ṣe ṣíìsì, mílíìkì màlúù náà ni wọ́n fi ń ṣe wàrà. Ọmọ ìyá kan náà ni wọ́n! Ohun tí ẹ̀gbọ́n bá ṣe tó bọ́ sí i, kí ló máa ní kí àbúrò má lè ṣe é?

Ẹ wá wo ọ̀rọ̀ náà o. Láti kékeré ni mo ti ń jẹ wàrà díndín. Inú òróró tó ń hó yàà ni wọ́n ń dín in sí, bó ṣe wọlé náà ló sì ń jáde, igun rẹ̀ pé. Kò sígbà kan tí mo bi ara mi pé kí ló dé tí kò yọ́ síbẹ̀.

Nígbà tí mo gbé e délé, màmá mi wo inú abọ́, ó wo ojú mi.

"Gbogbo wàrà yìí ńkọ́? Ṣé o fẹ́ ṣe àpèjẹ ni?"

"Ọbẹ̀ Tàǹtí ni, Màmá."

"O ti sè é rí?"

"Ó wà nínú fídíò, Màmá."

"Mo gbọ́," ni màmá mi wí, ó sì bọ́ síta. Bó ṣe máa ń sọ ọ́ fún ọmọ kíláàsì tó bá ní ajá ló jẹ iṣẹ́ àmúrelé òun ló ṣe sọ ọ́.

Nígbà tó di Sátidé, mo tètè dáná. Mo yọ́ bọ́tà, mo da àlùbọ́sà sí i, mo da ata rodo sí i, mo wá bu mílíìkì lé e. Òórùn rẹ̀ dára, mi ò purọ́. Mo gé wàrà wẹ́wẹ́, mo dà á sínú rẹ̀, mo bẹ̀rẹ̀ sí í rò ó, mo ń retí kó fà. Mo rò ó títí. Wàrà ń yí kiri nínú ìkòkò bí ọmọdé tó ń wẹ̀ lódò. Mo fi ṣíbí tẹ ọ̀kan, ó bọ́ lábẹ́ ṣíbí, ó fò lọ sí ẹ̀gbẹ́ kejì. Mo tún tẹ òmíràn. Mo rí i pé bó ṣe ń hó tó ni ara rẹ̀ ń le sí i.

Màmá mi gba ẹnu ọ̀nà kọjá. "Ó ti yọ́?"

"Ó ṣì ń rò ó wò, Màmá."

Mo rò pé iná ló kéré, ni mo bá koná mọ́ ọn. Mílíìkì ru sókè, ó dà sórí iná, iná kú, eérú bo ẹsẹ̀ mi. Mo tún un dá. Mo wá rántí pé ọbẹ̀ inú fídíò pọ́n, tèmi sì funfun bí ẹ̀kọ, ni mo bá da tòmátì sí i. Bí tòmátì ṣe wọlé ni mílíìkì já. Omi rẹ̀ lọ sọ́tọ̀, ìdì rẹ̀ lọ sọ́tọ̀. Ìgbà yẹn ni Tàǹtí pè pé òun ti kọjá Ìmẹ̀kọ. Ìgbà yẹn náà ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ wàrà.

Kí n tó sunkún, ọgbọ́n kan sọ sí mi lọ́kàn. Tí kò bá yọ́, ṣé kò ní í ṣe é lọ̀ ni? Iná ọba ò sí, búlẹ́ńdà wa sì jókòó lásán. Mo ṣa ìdajì wàrà náà sínú abọ́, mo sáré lọ sọ́dọ̀ Ìyá Kúdí, tó ń fi ẹ̀rọ lọ ata lẹ́bàá ilé wa. Ó ṣí abọ́ náà, ó dé e padà, ó tún ṣí i.

"Kí lèyí?"

"Wàrà ni, mà."

"Nínú ẹ̀rọ ata? Ṣé o fẹ́ fún ẹ̀rọ mi lọ́mú ni?"

"Ẹ jọ̀ọ́, mà. Ó ní ìdí." Mo fẹ́ ṣàlàyé ìdí náà fún un, ó na ọwọ́ sókè.

"Má ṣàlàyé. Ṣùgbọ́n ata gbígbẹ ni mo fi lọ̀ kẹ́yìn o. Dúró kí n fomi ṣàn án."

"Ẹ má ṣèyọnu, mà. Ọbẹ̀ tó ń ta náà ni mo ń sè."

Ó wò mí bí ẹni ń wo ẹni tó fẹ́ sọdá odò tó kún. Ó ní, "Ọmọ ìwé," ó sì tan ẹ̀rọ.

Nígbà tí wàrà náà jáde, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ jó. Ó kúnná, ó ń dán, ó ti pọ́n láwọ̀ osàn! Mo sáré délé, mo dà á sínú ìkòkò, mo rò ó pọ̀, ọbẹ̀ sì ki. Ọbẹ̀ inú fídíò gan-an ló dà bí. Ẹ ó béèrè bóyá mo tọ́ ọ wò. Mi ò tọ́ ọ wò. Ìdí ni pé ẹ̀rù ń bà mí: tí mo bá tọ́ ọ wò tí kò dùn, mo máa mọ̀ pé kò dùn, kò sì sí àyè láti se òmíràn mọ́.

"Bọ́ǹsúù, bọ́ǹsúù o!" Tàǹtí ti wọlé pẹ̀lú ìkíni Faransé rẹ̀. Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó gbá mi mọ́ra, ó jókòó, ó ní, "Ìyàwó wa, ẹ kú ilé," fún màmá mi, ó sì bọ́ gèlè rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Ebi ń pa mí o. Ọbẹ̀ náà dà?"

Mo bù ú fún àwọn méjèèjì, mo gbé búrẹ́dì tì í. Màmá mi gbàdúrà sí oúnjẹ náà. Mo rántí pé àdúrà náà gùn ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

Tàǹtí bu ṣíbí kan sẹ́nu. Omijé kan rọra yọ lójú ọ̀tún rẹ̀, òmíràn tẹ̀ lé e lójú òsì. Màmá mi náà bu tiẹ̀. Ó gbé ṣíbí kalẹ̀ jẹ́ẹ́, ó dìde, ó ní, "Ẹ jẹ́ kí n wo bí ojú ọjọ́ ṣe rí," ó sì gba ẹ̀yìnkùlé lọ síbi ìkòkò omi.

"Mọ̀ Díè! Ọlọ́run mi o!" Tàǹtí ló sọ bẹ́ẹ̀ nígbà tí ohùn rẹ̀ padà. "Ta lo fẹ́ pa?"

Mo fi ìka kan ọbẹ̀ náà, mo tọ́ ọ wò. Etí mi méjèèjì hó. Ata gbígbẹ tó wà nínú ẹ̀rọ yẹn tó ti odidi àdúgbò.

Ni mo bá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé. Ẹnu mi ń jó, ojú mi ń da omi, mo sì ń ṣàlàyé. Mo sọ ti fídíò, mo sọ bí ẹ̀rù ṣe bà mí lórí fóònù, mo sọ ti ọmọ ìyá kan náà, mo sọ ti tòmátì, mo sọ ti ẹ̀rọ. Mo sọ bó ṣe máa ń rí lára mi tí màmá mi bá gbé oúnjẹ síwájú mi láràárọ̀ láìsọ nǹkan kan. Màmá mi ti padà dé ẹnu ọ̀nà nígbà yẹn, ó dúró pẹ̀lú ife omi lọ́wọ́, ó ń gbọ́. Bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ lọ ni Tàǹtí ń ṣa wàrà tí mi ò lọ̀ nínú abọ́ rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń ṣàn án nínú omi, ó ń fi í jẹ búrẹ́dì.

"O ti parí?" ló bi mí.

"Ó kù díẹ̀, mà."

Tàǹtí bú sẹ́rìn-ín. Ó rín in títí ó fi ń gbá orí itan. "Wàgàṣì là ń pè é ní Kétu. Kì í yọ́ láé, ìdí tí a fi ń jù ú sọ́bẹ̀ nìyẹn. Ta ló ní kó o wá máa dáná fún mi ní Kétu? Mo ti ní alásè, ó ti bá mi ṣiṣẹ́ pẹ́. Tí mo bá ń bá èèyàn sọ̀rọ̀ lórí fóònù, ṣé mi ò ní béèrè oúnjẹ ni?"

Mo ní, "Kí wá ni iṣẹ́ náà, mà?"

"Ẹni tó máa dá oníbàárà lóhùn tí oúnjẹ bá pẹ́ ni mò ń wá. Wọ́n á máa bínú, wọ́n á fẹ́ dìde lọ." Ó nu ojú rẹ̀. "Látìgbà tó o ti ń sọ̀rọ̀, mi ò rántí pé ẹnu ń ta mí. Di ẹrù rẹ. Ṣùgbọ́n tí mo bá rí ẹ nídìí iná mi, màá dá ẹ padà sọ́dọ̀ ìyàwó wa."

Màmá mi gbé ife omi náà fún mi. Ó ní, "Mi ò mọ̀ pé bẹ́ẹ̀ ló ń rí lára rẹ. Mo rò pé o fẹ́ràn ìdákẹ́jẹ́ ni."

Kétu ni mo wà báyìí tí mo ń kọ èyí. Àlàyé ni alásè ń pè mí. Tí ẹran ò bá tètè rọ̀, á yọ orí lójú fèrèsé, á ní, "Àlàyé, àwọn ti ẹnu ọ̀nà ti ń wo aago o!" Ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ ni pé kéèyàn kọ́kọ́ béèrè ohun tí wọ́n ń wá lọ́wọ́ òun kó tó gbé ìkòkò kaná, kó sì jẹ́ kí Ìyá Kúdí ṣan ẹ̀rọ rẹ̀.

Lọ́jọ́ kan, awakọ̀ kan tó ti ìhà Ẹ̀gùá wá ń jẹ ọbẹ̀ ata tí wàgàṣì wà nínú rẹ̀. Ó bi mí bóyá mo ti se irú rẹ̀ rí. Mo rẹ́rìn-ín, ó dùn mí díẹ̀, mo sì tún rẹ́rìn-ín. Mo fa àga, mo ní, "Bàbá, ṣé ẹ ráyè?"